Samuel Johnson Tiwọn, Samuel Johnson Tiwa

Ní ọjọ́ 11 oṣù Kejìlá ọdún 1825, wọ́n ṣe ìrìbọmi fún ọ̀dọ́mọkùnrin kan ní Sàró. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí i ní Òṣoògùn ni ayé ti mọ̀ ọ́n sí Àjàyí. Ní 1821 ni ogun ya wọ ìlú wọn. Wọ́n kó o lẹ́rú, wọ́n tà á láti ọwọ́ dé ọwọ́, títí ó fi bá ara rẹ̀ nínú ọkọ̀ àwọn Potogí tó ń kó ẹrú. Ọkọ̀ ogun ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì gba ọkọ̀ náà mọ́ wọn lọ́wọ́ ní 1822, ó sì kó àwọn tó wà nínú rẹ̀ lọ sí Freetown. Àlùfáà John Raban ló rì í bọmi, orúkọ tó sì fún un ni Samuel Crowther. Orúkọ náà ti ní olúwa kó tó kan Àjàyí. Òyìnbó kan ní Lọ́ńdọ̀nù ló ń jẹ́ ẹ, àlùfáà ìjọ Christ Church ní òpópónà Newgate, ọ̀kan lára àwọn tó wà nídìí ẹgbẹ́ ajíhìnrere CMS láti ìbẹ̀rẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń ṣe ní Sàró nígbà náà. Ẹni tó bá dáwó ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láti fi tọ́ ọmọ kan tí wọ́n gbà lọ́wọ́ àwọn oníṣòwò ẹrú lè ní kí wọ́n fi orúkọ òun, tàbí ti ẹni tí òun bọ̀wọ̀ fún, pe ọmọ náà. Àwọn mìíràn gba orúkọ àjíhìnrere tó kọ́ wọn ní ìwé, tàbí ti gómìnà tó wà lórí oyè. Ibẹ̀ ni Williams, Davies, Thomas, Macaulay, Johnson àti Crowther ti wọ ìdílé wa, tí wọ́n sì pọ̀ ní Èkó àti Abẹ́òkúta títí dòní. Ilé là ń wò kí á tó sọmọ lórúkọ, ṣùgbọ́n ilé elòmíràn ni wọ́n wò kí wọ́n tó sọ àwọn baba ńlá wa wọ̀nyí lórúkọ.

Àwọn ọmọ náà dàgbà, àwọn kan nínú wọn sì di ẹni ńlá. Bó ṣe di pé orúkọ kan ní olúwa méjì nínú ìwé ìtàn nìyẹn, òyìnbó kan àti ọmọ Yorùbá kan. Àwọn ìwé tí ayé fi ń rántí àwọn méjèèjì ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí, nítorí ohun tí mo rí nínú wọn yẹ kó ká gbogbo wa lára. Orúkọ mẹ́ta ni n ó mú: Crowther, Macaulay àti Johnson. Ti Johnson ló dùn mí jù, òun náà sì ni n ó pẹ́ lé lórí jù.

Ti Crowther kò le. Òyìnbó tó ni orúkọ náà kú ní 1829. Ilé ìjọsìn rẹ̀, èyí tí Christopher Wren yàwòrán rẹ̀ lẹ́yìn tí iná ńlá ọdún 1666 jó ti ìṣáájú, bọ́ǹbù àwọn ará Jámánì jó o lóru ọjọ́ kan ní oṣù Kejìlá 1940. Ilé agogo rẹ̀ ló ṣẹ́ kù lórí ìdúró. Wọ́n gbin òdòdó sí ibi tí ìjọ ti ń jókòó, àwọn òṣìṣẹ́ ilé ìfowópamọ́ àdúgbò náà a sì máa jẹun ọ̀sán níbẹ̀. Lónìí, bí ẹnikẹ́ni bá dárúkọ àlùfáà yẹn nínú ìwé, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ máa jẹ́ nítorí Àjàyí.

Àjàyí fúnra rẹ̀ kò dúró de ẹni tí yóò bá òun kọ ìtàn òun. Ní 1837 ó kọ lẹ́tà gígùn kan sí ọ̀gá kan nínú ẹgbẹ́ CMS, ó sọ bí wọ́n ṣe kó wọn, bí ó ṣe yapa pẹ̀lú ìyá rẹ̀, àti bí ẹ̀rù ṣe bà á nígbà tó kọ́kọ́ rí omi ńlá. Lẹ́tà yẹn kò sọnù. Àwọn òpìtàn ń lò ó títí di òní olónìí. Ní 1843 ìwé rẹ̀ lórí àwọn ọ̀rọ̀ Yorùbá jáde. Ní 1846 ó tún rí ìyá rẹ̀, Afàlá, ní Abẹ́òkúta. Ní 1864, wọ́n yà á sí mímọ́ ní Canterbury gẹ́gẹ́ bíi bíṣọ́ọ̀bù. Òyìnbó kan, Jesse Page, kọ ìgbésí ayé rẹ̀ sínú ìwé tó pè ní The Black Bishop ní 1908. Nígbà tó yá, Ọ̀jọ̀gbọ́n J. F. Adé Àjàyí kọ tirẹ̀, A Patriot to the Core. Ẹ kíyè sí i pé Àjàyí kan ló kọ ìwé nípa Àjàyí. Inú mi máa ń dùn sí ìyẹn. Àjàyí mẹ́ta lè wà nínú agbolé kan, oríkì la fi ń mọ èyí yàtọ̀ sí tọ̀hún, ìwé irú èyí sì ń ṣe díẹ̀ nínú iṣẹ́ tí oríkì ń ṣe.

Ọ̀rọ̀ Macaulay nípọn ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ní ọdún 1826, wọ́n bí ọmọkùnrin kan ní Kissy, ní Sàró, fún òbí tó jẹ́ ọmọ Yorùbá tí wọ́n gbà sílẹ̀ lọ́wọ́ oníṣòwò ẹrú. Thomas Babington Macaulay ni wọ́n ń pè é. Òyìnbó kan wà tó ń jẹ́ orúkọ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta yìí bákan náà, wọ́n bí i ní 1800. Bàbá òyìnbó náà, Zachary Macaulay, ti ṣe gómìnà Sàró rí, ó bá àwọn tó ń jà kí òwò ẹrú dópin ṣiṣẹ́, ilé iṣẹ́ òwò tó ń jẹ́ Macaulay àti Babington sì wà ní Freetown. Orúkọ náà kò ṣàjèjì létí ẹnikẹ́ni níbẹ̀.

Macaulay tiwọn di òpìtàn, aṣòfin àti olówó. Nígbà tó wà ní Íńdíà ní 1835, ó kọ̀wé sí ìjọba pé èdè Gẹ̀ẹ́sì ni kí wọ́n máa fi kọ́ àwọn ọmọ ibẹ̀ ní ìwé. Ó gbà pé òun kò gbọ́ èdè Lárúbáwá tàbí èdè Sanskrit, síbẹ̀ ó ní pẹpẹ ìwé kan péré ní Yúróòpù tó gbogbo ìwé Íńdíà àti ti Lárúbáwá lápapọ̀. Mo ka ọ̀rọ̀ yẹn, inú mi kò sì dùn sí i rárá, nítorí irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ni wọ́n fi kọ́ ọ̀pọ̀lọpọ̀ ọmọ aláwọ̀ dúdú láti máa fojú tẹ́ńbẹ́lú ohun tí bàbá wọn mọ̀.

Macaulay tiwa náà di olùkọ́. Ó kàwé ní Islington ní Lọ́ńdọ̀nù, ó di àlùfáà, ó sì fẹ́ Abigail, ọmọ Àjàyí Crowther. Ní oṣù Kẹfà 1859, ó ṣí ilé ẹ̀kọ́ girama ti CMS ní Èkó pẹ̀lú ọmọ mẹ́fà. Ilé ẹ̀kọ́ girama àkọ́kọ́ ní ilẹ̀ tí à ń pè ní Nàìjíríà lónìí nìyẹn. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1859 yẹn kan náà, Macaulay tiwọn kú ní Lọ́ńdọ̀nù. Wọ́n sin ín sí Westminster Abbey, níbi tí wọ́n ń sin àwọn ọba àti akéwì wọn sí. Ní 1876, ọmọ àbúrò rẹ̀ obìnrin, George Otto Trevelyan, kó lẹ́tà àti ìwé ìrántí ojoojúmọ́ rẹ̀ jọ, ó fi ṣe ìwé ìgbésí ayé alápá méjì. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1878, ṣànpọ̀nná pa Macaulay tiwa ní Èkó. Ẹni tó bá fẹ́ mọ̀ nípa rẹ̀, inú ìwé tí wọ́n kọ nípa ọmọ rẹ̀, Herbert, ni yóò ti kọ́kọ́ pàdé rẹ̀, gẹ́gẹ́ bí bàbá Herbert àti àna Crowther. Olùkọ́ tó la ọ̀nà fún gbogbo ilé ẹ̀kọ́ girama wa tọ́ sí ju gbólóhùn méjì lọ nínú ìtàn ọmọ rẹ̀.

Mo wá dé ọ̀dọ̀ àwọn Johnson.

Ẹni tó bá tẹ orúkọ Samuel Johnson sórí íntánẹ́ẹ̀tì, òyìnbó ni yóò kọ́kọ́ jáde sí i. Ọmọ Lichfield ni, wọ́n bí i ní 1709, ìwé títà sì ni iṣẹ́ bàbá rẹ̀. Àìsàn kan mú un lọ́rùn nígbà tó wà lọ́mọdé, àpá rẹ̀ kò sì lọ lára rẹ̀ títí tó fi kú. Ó lọ sí Oxford, owó tán, ó padà sílé láìgba oyè. Ó dé Lọ́ńdọ̀nù, ó ń fi ìwé kíkọ jẹun, ebi pa á gan-an. Ní 1755, lẹ́yìn nǹkan bí ọdún mẹ́sàn-án, ó gbé ìwé atúmọ̀ èdè Gẹ̀ẹ́sì jáde, ọ̀rọ̀ tó lé ní 42,000 ló wà nínú rẹ̀, akọ̀wé mẹ́fà péré ló sì ràn án lọ́wọ́.

Ohun kan wà nípa rẹ̀ tí ọ̀pọ̀ nínú wa kò gbọ́ rí. Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ Áfíríkà ni ìwé àkọ́kọ́ tó tẹ̀ jáde, ní 1735, ìrìn àjò àlùfáà Potogí kan lọ sí Etiópíà tó túmọ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì. Nígbà tí ìyá rẹ̀ kú ní 1759, ó fi ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ mélòó kan kọ ìtàn Rasselas, ọmọ ọba Etiópíà, kó lè rí owó san gbèsè ìyá rẹ̀ àti owó ìsìnkú. Ó kórìíra òwò ẹrú, kò sì fi pamọ́. Ọmọ Jàmáíkà kan tí wọ́n bí sínú oko ẹrú, Francis Barber, gbé ilé rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Johnson rán an lọ sí ilé ẹ̀kọ́. Nígbà tó kú ní 1784, Barber ló fi ṣe àrólé. Ọmọ Jàmáíkà náà ti ní ìwé tirẹ̀ báyìí, Michael Bundock kọ ìtàn ayé rẹ̀ ní 2015.

Kí ló wá mú kí ayé mọ gbogbo èyí? Ìdáhùn rẹ̀ ni James Boswell. Ọmọ Skọ́tílándì ni, ẹni ọdún 22 ni nígbà tó pàdé Johnson nínú ṣọ́ọ̀bù ìwé kan ní oṣù Karùn-ún 1763. Johnson ti pé 53. Láti ọjọ́ náà, ibikíbi tí Boswell bá ti bá a jókòó, tó bá délé á kọ ohun tí bàbá náà sọ sílẹ̀ kó tó sùn. Ó kọ bó ṣe ń jẹun, bó ṣe ń bínú, bó ṣe ń bẹ̀rù ikú. Ó bi í ní ìbéèrè tó lè mú ẹlòmíràn lé e jáde. Àwọn ìwé kan ti jáde nípa Johnson kí tirẹ̀ tó jáde ní 1791, lára wọn ni ti Hester Piozzi ní 1786 àti ti John Hawkins ní 1787, ṣùgbọ́n ti Boswell ló borí wọn. Macaulay tiwọn, ẹni tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀rọ̀ rẹ̀ tán, kọ ọ́ ní 1831 pé òmùgọ̀ ni Boswell, síbẹ̀ kò sí ẹni tó kọ ìwé ìgbésí ayé tó tó tirẹ̀. Èmi kò gbà pé òmùgọ̀ ni. Ẹni tó mọ̀ pé ọ̀rọ̀ àgbà ń ṣá bí kò bá sí ẹni tó gbà á sílẹ̀, ọlọ́gbọ́n ni.

Boswell fúnra rẹ̀ fara mọ́ òwò ẹrú. Ní ọdún 1791 tí ìwé rẹ̀ jáde, ó tẹ ewì kan tó fi tako àwọn tó fẹ́ kí òwò náà dópin. Síbẹ̀ ó kọ ohun tí Johnson sọ lòdì sí òwò ẹrú sílẹ̀ bó ṣe sọ ọ́, ó wá fi ti ara rẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Mo bọ̀wọ̀ fún un nítorí ìyẹn nìkan. Ìwé rẹ̀ mìíràn kò parẹ́ pẹ̀lú rẹ̀. Láàárín ọdún 1920 sí 1930, wọ́n rí ẹrù ìwé rẹ̀ ní ilé ńlá Malahide ní Áyálándì, apá kan nínú àpótí tí wọ́n ń kó ohun ìṣeré sí. Yunifásítì Yale ní Amẹ́ríkà rà wọ́n, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ̀ wọ́n jáde ní ọ̀kọ̀ọ̀kan ní 1950.

Ẹ jẹ́ kí á bọ́ sọ́dọ̀ tiwa. Wọ́n bí Samuel Johnson tiwa ní Hastings, ní Sàró, ní oṣù Kẹfà 1846. Ọmọ Ọ̀yọ́ ni Henry bàbá rẹ̀, ó sì wá láti ìdílé Aláàfin Abíọ́dún. Àwọn oníṣòwò ẹrú, irú àwọn tí Johnson tiwọn bú, ni wọ́n tú bàbá yìí kúrò nílé. Nígbà tí ọmọ náà wà ní nǹkan bí ọdún mọ́kànlá, bàbá rẹ̀ kó gbogbo ilé padà wá sí ilẹ̀ Yorùbá, wọ́n sì dé Ìbàdàn láti ran Hinderer àjíhìnrere lọ́wọ́. Ìdílé yìí kò mú ọ̀rọ̀ ìwé ní kékeré. Henry ẹ̀gbọ́n di áṣídíákónì ní agbègbè Odò Ọya, Nathaniel ṣiṣẹ́ ìjọ, Obadiah di ọ̀kan lára àwọn dókítà ọmọ Yorùbá àkọ́kọ́. Samuel lọ kàwé lọ́dọ̀ ajíhìnrere Bühler ní Abẹ́òkúta, ó padà sí Ìbàdàn gẹ́gẹ́ bí tíṣà ní 1866, ó ń kọ́ ọmọ ní Kúdẹtì àti Arẹ́mọ, ó di katikísì, ó di díákónì ní 1880. Lẹ́yìn náà ó kó lọ sí Ọ̀yọ́, ó sì di àlùfáà kíkún ní 1888.

Ogun ni gbogbo ìgbà èwe rẹ̀ àti ìgbà àgbà rẹ̀. Ó bá ogun Ìjàyè ní Ìbàdàn nígbà tó wà lọ́mọdé, ó sì mọ ìyàn tí ogun náà dá sílẹ̀. Ní 1877 ni ogun Kírìjí bẹ́ sílẹ̀ láàárín Ìbàdàn àti Èkìtìparapọ̀, ọdún mẹ́rìndínlógún ni wọ́n sì fi wà lójú ogun. Ní 1881, Aláàfin Adéyẹmí rán Johnson sí gómìnà Èkó pẹ̀lú lẹ́tà, pé kí ìjọba òyìnbó bá àwọn là á. Láti ìgbà náà ló ti ń lọ tó ń bọ̀. Ó wọ ibùdó Ààrẹ Látòósà ti Ìbàdàn, ó wọ ibùdó Ògèdèǹgbé ti Èkìtìparapọ̀. Òun àti Àlùfáà Charles Phillips ni wọ́n gbé ọ̀rọ̀ ìlàjà kiri láàárín àwọn balógun tí wọn kò fẹ́ rí ara wọn sójú, títí wọ́n fi tọwọ́ bọ ìwé àdéhùn ní oṣù Kẹfà 1886, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn ọmọ ogun kò tíì kúrò lójú ogun nígbà náà. Ọ̀pọ̀ nínú wa tó ń lọ láti Ìbàdàn sí Ìgbàjọ lónìí láìbẹ̀rù kò mọ orúkọ ẹni tó fi ẹsẹ̀ rìn ín nígbà tí ìbọn ń dún.

Gbogbo ìgbà yìí ló ń kọ nǹkan sílẹ̀. Ó jókòó ti àwọn arọ́kin ní Ọ̀yọ́. Ó bi Lágúnjú, Tìmì Ẹdẹ, léèrè ọ̀rọ̀. Ní Ìbàdàn, ó gbọ́ lẹ́nu Kúkọ̀mí, àgbà ìjọ tó ti jagun nígbà èwe rẹ̀, àti lẹ́nu Josiah Òní, oníṣòwò tí kò bẹ̀rù ọ̀nà. Ó ṣe fún odidi ìlú ohun tí Boswell ṣe fún ẹnì kan ṣoṣo. Nígbà tó parí iṣẹ́ náà ní 1897, ó sọ ìdí tó fi ṣe é: àwọn ọmọ wa tó kàwé mọ ìtàn Gẹ̀ẹ́sì, ti Róòmù àti ti Gíríìkì, wọn kò sì mọ ti bàbá wọn. Ó fi odidi orí kan nínú ìwé náà sọ bí àwa ṣe ń sọmọ lórúkọ: àmútọ̀runwá, àbísọ, orúkọ àbíkú, oríkì àti orílẹ̀. Àwọn kan ti sọ ọ́ pé ojú Ọ̀yọ́ ló fi wo gbogbo ilẹ̀ Yorùbá, òótọ́ sì ni. Ẹni tó bá fẹ́ tún un ṣe, kó kọ́kọ́ ka ìwé rẹ̀.

Ìyà tó jẹ ìwé náà kó tó jáde kò ṣeé gbàgbé. Ní 1899 wọ́n fi ìwé àfọwọ́kọ náà ránṣẹ́ sí òǹtẹ̀wé kan ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nípasẹ̀ ẹgbẹ́ àjíhìnrere kan. Wọn kò gbọ́ nǹkan kan. Obadiah lọ sí ibẹ̀ fúnra rẹ̀ ní 1900 láti béèrè. Wọ́n ní àwọn ti ṣì í gbé, àwọn kò rí i mọ́, àwọn sì múra tán láti san owó rẹ̀. Owó iṣẹ́ ogún ọdún! Èló ni wọn ì bá san fún ọ̀rọ̀ ẹnu Lágúnjú, ẹni tó ti kú? Ní oṣù Kẹrin 1901, Samuel Johnson kú ní Ọ̀yọ́, ẹni ọdún 54. Ó lọ láìrí ìwé rẹ̀.

Obadiah kò jẹ́ kó parí síbẹ̀. Dókítà ni, iṣẹ́ kún ọwọ́ rẹ̀, ó tún jókòó sí ìgbìmọ̀ aṣòfin Èkó. Síbẹ̀ ó kó àkọsílẹ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ jọ, èyí tó jẹ́ ajákù àti èyí tí ẹ̀gbọ́n náà fi dánra wò, ó sì tún ìwé náà kọ láti ìbẹ̀rẹ̀. Ìgbà tó ṣe tán, ogun àgbáyé kìíní ti bẹ̀rẹ̀. Ó fi í ránṣẹ́ nínú ọkọ̀ Appam ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1916. Ọkọ̀ ogun àwọn ará Jámánì tó ń jẹ́ Möwe mú Appam lójú òkun, wọ́n darí rẹ̀ lọ sí Virginia ní Amẹ́ríkà. Gómìnà Sàró gan-an, Sir Edward Merewether, wà nínú ọkọ̀ tí wọ́n mú yẹn. Ìwé tí ọmọ tí wọ́n bí ní Sàró kọ, tó kọ́kọ́ sọnù ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tún wá di ẹrù ogun ní Amẹ́ríkà. Ó padà dé ọwọ́ àwọn òǹtẹ̀wé lẹ́yìn ìgbà pípẹ́, bébà sì tún wọ́n nítorí ogun. Obadiah kú ní 1920. Ní 1921 ni The History of the Yorubas jáde ní Lọ́ńdọ̀nù, ojú ìwé tó lé ní 600. Lára tẹ̀gbọ́n-tàbúrò tó ṣe é, kò sí ẹni tó fọwọ́ kàn án.

Ó yẹ kí á dúró wo ohun tó ṣẹlẹ̀ síhìn-ín. Ìwé tí Johnson tiwa kọ là ń kà. Ìwé tí wọ́n kọ nípa Johnson tiwọn làwọn ń kà. Gbogbo Yorùbá tó bá fẹ́ sọ̀rọ̀ ìtàn yóò tọ́ka sí Johnson, yálà láti gbè é tàbí láti ta kò ó, ṣùgbọ́n bí mo bá bi wọ́n pé irú ènìyàn wo ni, kí ló ń mú un bínú, báwo ló ṣe ń bá ìyàwó àti ọmọ rẹ̀ sọ̀rọ̀, wọ́n á dákẹ́. Nínú ìwé tirẹ̀, ó sọ̀rọ̀ ara rẹ̀ bí ẹni ń sọ̀rọ̀ ẹlòmíràn, ó sì yára kọjá. Kò sí Boswell lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ nígbà tó ń ti ibùdó kan bọ̀ sí èkejì.

Kì í ṣe pé ohun èlò kò sí. Ìwé ìrántí tí Johnson ń kọ fún àwọn ọ̀gá rẹ̀ nínú CMS ṣì wà ní ilé ìpamọ́ ìwé Yunifásítì Birmingham. Ọ̀jọ̀gbọ́n J. D. Y. Peel lo irú àkọsílẹ̀ bẹ́ẹ̀, ti Johnson àti ti àwọn oníwàásù Yorùbá mìíràn, fún ìwé ńlá rẹ̀ tó jáde ní 2000. Ní 1993, Ọ̀jọ̀gbọ́n Tóyìn Fálọlá kó àròkọ àwọn ọ̀mọ̀wé jọ lórí Johnson sínú Pioneer, Patriot and Patriarch. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn, iṣẹ́ gidi ni. Ṣùgbọ́n fún àwọn ọ̀mọ̀wé ni wọ́n kọ wọ́n, èdè Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n sì fi kọ wọ́n. Johnson mìíràn tiẹ̀ wà, Bíṣọ́ọ̀bù James Johnson, tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Ayándélé kọ odidi ìwé nípa rẹ̀ ní 1970, Holy Johnson. Bí James ṣe rí tirẹ̀, Samuel náà yẹ ní tirẹ̀: ìwé kan, ní èdè Yorùbá tó dán mọ́rán, tí ọmọ ilé ẹ̀kọ́ girama lè kà tán nígbà ìsinmi, tó bẹ̀rẹ̀ ní Hastings tó sì parí ní Ọ̀yọ́. Mo pe àwọn òǹkọ̀wé wa, pàápàá àwọn ọ̀dọ́ tó ń kàwé ìmọ̀ ìtàn àti Yorùbá ní yunifásítì, sí iṣẹ́ yìí. Mo sì pe àwọn òǹtẹ̀wé wa kí wọ́n má ṣe ní kò ní tà.

Iṣẹ́ tó kù, tiwa tó wà nílé ni. Bàbá ńlá àwọn kan nínú wa ṣe katikísì, ṣe tíṣà, ṣe akọ̀wé kóòtù, ṣe olórí ẹgbẹ́ àgbẹ̀ oníkòkó. Wọ́n kọ ìwé ìrántí ojoojúmọ́, wọ́n tọ́jú lẹ́tà, wọ́n kọ orúkọ àwọn tó kú nígbà àrùn lúkúlúkú ọdún 1918. Ìwé wọ̀nyẹn wà nínú àpótí irin lábẹ́ ibùsùn. Mo ti rí i tí wọ́n fi irú rẹ̀ di àkàrà. Johnson pàdánù ìwé rẹ̀ sọ́wọ́ òǹtẹ̀wé òyìnbó, tiwa ń lọ sọ́wọ́ ikán àti alákàrà.

Ilé ìpamọ́ ìwé ìjọba àpapọ̀ wà nínú ọgbà Yunifásítì Ìbàdàn. Ní yunifásítì yẹn náà ni ilé ìkàwé Kenneth Dike wà, níbi tí àwọn ìwé Herbert Macaulay wà lónìí tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń lọ kà wọ́n. Tí ẹ bá ní irú ẹrù bẹ́ẹ̀ nílé, ẹ fi fóònù ya àwòrán ojú ewé rẹ̀ kọ̀ọ̀kan, ẹ kọ orúkọ ẹni tó ni ín àti oríkì rẹ̀ sí i lẹ́yìn kó má baà pòrúúrúù mọ́ ti ẹlòmíràn, kí ẹ tó gbé e lọ fún wọn. Kí ẹ sì gba ìwé ẹ̀rí lọ́wọ́ wọn pé wọ́n gbà á.